Apá Ọ̀tún Kọ́mà: Àkọlé Fíìmù Idrissou Mora-Kpai àti Iṣẹ́ Ògbufọ̀ Yorùbá ní Parakou

Àṣamọ̀

Iṣẹ́ yìí yẹ àkọlé fíìmù mẹ́rin wò, èyí tí Idrissou Mora-Kpai, ọmọ ilẹ̀ Borgou, ṣe láàrin ọdún 2002 sí 2019. Mo ṣe àlàyé pé mẹ́ta nínú àwọn àkọlé náà ní ìhun kan náà: orúkọ, kọ́mà, lẹ́yìn náà ọ̀rọ̀ mìíràn tó ń tọ́ka sí orúkọ yẹn. Mo fi hàn pé apá ọ̀tún kọ́mà lè jẹ́ àlàyé fún àlejò, ó sì lè jẹ́ oríkì fún onílé. Ibi tí ògbufọ̀ bá dúró sí ni yóò pinnu èyí tí òǹkàwé Yorùbá máa gbọ́. Ní ìparí, mo dábàá bí a ṣe lè túmọ̀ wọn láì jẹ́ kí èdè Faransé dúró láàrin àwa àti àwọn aládùúgbò wa.

1. Ìfáàrà

Ẹni tó bá fẹ́ kọ́ nípa ìtumọ̀ ní Parakou kò ní láti rìn jìnnà kó tó rí iṣẹ́ ṣe. Bí ó bá wọ ọjà Arzèkè láàárọ̀, yóò gbọ́ Baatonum, yóò gbọ́ Dendi tí ọ̀pọ̀ ń fi nájà, yóò gbọ́ Yorùbá, Fọ̀n, Fúlàní àti Faransé kó tó ra iṣu tán. Àwọn èdè yìí kò bá ara wọn tan tímọ́tímọ́. Inú ẹbí Songhay ni Dendi wà. Àwọn onímọ̀ ẹ̀dá-èdè ka Baatonum mọ́ àwọn èdè Gur. Ó ní ìsọ̀rí ọ̀rọ̀-orúkọ tí à ń fi ìparí ọ̀rọ̀ dá mọ̀: Baatonu ni ẹnì kan, Baatombu ni ọ̀pọ̀ wọn, Baatonum ni èdè wọn. Yorùbá kò ní irú ìsọ̀rí bẹ́ẹ̀. Bàrìbá kan ṣoṣo ni àwa fi ń pe ẹnì kan, ọ̀pọ̀ ènìyàn, èdè àti ilẹ̀.

Nínú kíláàsì ìtumọ̀ tí mò ń kọ́, mo ṣàkíyèsí ìwà kan. Bí mo bá ní kí akẹ́kọ̀ọ́ túmọ̀ gbólóhùn Baatonum sí Yorùbá, ohun tó kọ́kọ́ máa ń ṣe ni pé yóò kọ ọ́ ní Faransé sí etí ìwé. Ẹ̀yìn ìgbà náà ni yóò wá túmọ̀ Faransé yẹn sí Yorùbá. Ó yé mi pé Faransé ni èdè ilé-ẹ̀kọ́, òun sì ni èdè tí gbogbo wa jọ kọ sílẹ̀. Ṣùgbọ́n ìwà yìí ń sọ aládùúgbò di àlejò. Ọ̀rọ̀ tí Baatonu àti Yorùbá ì bá fi gbọ́ra wọn yé yóò ti kọjá lọ sí ilé ẹlòmíràn kó tó padà dé, kì í sì í padà bó ṣe lọ.

Àkọlé fíìmù ni mo yàn láti fi ṣe àlàyé ọ̀rọ̀ yìí. Àkọlé kéré tó ohun tí a lè gbé sí àtẹ́lẹwọ́ yẹ̀ wò. Ẹni tó sì kọ ọ́ mọ̀ dájú pé ẹni tó gbọ́ èdè náà àti ẹni tí kò gbọ́ ọ ni yóò kà á.

2. Olùdarí náà àti irú fíìmù tó ń ṣe

Ọdún 1967 ni wọ́n bí Idrissou Mora-Kpai sí Béroubouay, ní agbègbè Bembèrèkè, àríwá Parakou. Ó kọ́ iṣẹ́ fíìmù ní ilé-ẹ̀kọ́ Konrad Wolf ní Potsdam-Babelsberg, ní orílẹ̀-èdè Jámánì. Ó dá ilé-iṣẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀ ní Paris, ó pè é ní MKJ Films. Ní ọdún 2013, ó wà lára àwọn tó gba àmì-ẹ̀yẹ Prince Claus ti ilẹ̀ Netherlands. Olùdarí aládàádúró ni: kì í ṣe òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan, kì í sì í ṣe eré àgbéléwò tí à ń tà lọ́jà.

Ibi tí a máa ń to iṣẹ́ rẹ̀ sí nínú ìwé-àkójọ fíìmù ni abẹ́ dọkumẹ́ńtárì, nítorí ènìyàn gidi àti ìlú gidi ló wà nínú wọn. Àtòjọ mìíràn tún wà, ti fíìmù àṣedánwò, níbi tí olùdarí ti ń dán ọ̀nà tí à ń gbà ṣe fíìmù fúnra rẹ̀ wò. Àárín àwọn méjèèjì ni ọ̀pọ̀ fíìmù tó ṣe pàtàkì ní ilẹ̀ wa bọ́ sí. Àpẹẹrẹ kan ni Jaguar tí Jean Rouch ya láti ọdún 1954, tó sì jáde ní 1967. Àwọn ọ̀dọ́kùnrin ará Niger ń rin ìrìn-àjò lọ sí Gold Coast nínú rẹ̀, wọ́n sì gba ilẹ̀ Somba kọjá ní àríwá ilẹ̀ tí à ń pè ní Bẹ̀nẹ̀ lónìí. Àwòrán náà kò ní ohùn nígbà tí wọ́n yà á. Lẹ́yìn ọdún díẹ̀ ni àwọn tó wà nínú rẹ̀ jókòó wò ó, tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ sí i bó ṣe ń lọ. Ṣé òótọ́ ni ohun tí wọ́n sọ, àbí eré? Ìbéèrè yẹn kì í rọrùn fún ẹni tó fẹ́ to fíìmù sórí pẹpẹ.

Lójú tèmi, èdè Yorùbá ní ọ̀nà tirẹ̀ láti gbà wo ọ̀rọ̀ yìí. A ya ìtàn sọ́tọ̀ kúrò lára àlọ́. A sì ń bi onítàn léèrè ibi tó ti gbọ́ ohun tó ń sọ. “Ojú mi ló ṣe” yàtọ̀ sí “wọ́n ní”, “wọ́n ní” sì yàtọ̀ sí “bàbá mi ló sọ fún mi”. Ibi tí olùsọ̀rọ̀ dúró sí wà lára òótọ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ìdí nìyí tí fíìmù Mora-Kpai kò fi ṣàjèjì sí wa. Nínú Si-Guériki, kò fi ara rẹ̀ pamọ́ sẹ́yìn kámẹ́rà: ọmọ ilé tó padà bọ̀ lẹ́yìn nǹkan bí ọdún mẹ́wàá ni, òun náà ló sì ń béèrè ọ̀rọ̀. “Ojú mi ló ṣe” ni irú fíìmù bẹ́ẹ̀ ń sọ.

3. Ìhun àkọlé àti ìdánwò “tí í ṣe”

Àwọn àkọlé tí mo fẹ́ yẹ̀ wò nìyí, bí wọ́n ṣe wà ní èdè tí wọ́n fi gbé wọn jáde:

(1) Si-Guériki, la reine-mère (2002)
(2) Arlit, deuxième Paris (2005)
(3) Indochine, sur les traces d’une mère (2011)
(4) America Street (2019)

Àkọlé (1) sí (3) jọ ara wọn. Orúkọ kan wà lápá òsì, kọ́mà tẹ̀lé e, ọ̀rọ̀ Faransé kan sì wà lápá ọ̀tún. Ohun tí ẹni tí kò gbọ́ orúkọ náà rí yóò rò ni pé apá ọ̀tún wá ṣàlàyé apá òsì fún òun. Bí ọ̀pọ̀ ògbufọ̀ ṣe ń kà á náà nìyẹn. Wọn á tú apá ọ̀tún, wọn á sì fi apá òsì sílẹ̀ bí ẹrù tí kò ní olówó.

Ṣùgbọ́n ní Yorùbá, bí a bá gbé àpólà-orúkọ méjì sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn tí wọ́n ń tọ́ka sí ohun kan ṣoṣo, iṣẹ́ méjì ni ìhun náà lè ṣe. Ẹ wo àpẹẹrẹ wọ̀nyí:

(5) Àjàyí, olùkọ́ wa
(6) Ṣàngó, Olúkòso

Àlàyé ni apá ọ̀tún ní (5). Ẹni tí kò mọ Àjàyí ni à ń sọ fún. Ní (6), kò sí ẹni tí à ń ṣàlàyé Ṣàngó fún. Ẹni tó ń sọ ọ́ mọ̀ ọ́n, ẹni tó ń gbọ́ mọ̀ ọ́n, ẹni tí à ń pè gan-an sì mọ ara rẹ̀. Oríkì ni. Kì í fi kún ìmọ̀ wa bí kò ṣe pé ó ń gbé ẹni náà ga.

Ìdánwò kan wà tí a lè fi yà wọ́n sọ́tọ̀. Ẹ fi awẹ́-gbólóhùn asàpèjúwe tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú “tí í ṣe” rọ́pò kọ́mà. “Àjàyí, tí í ṣe olùkọ́ wa” dúró dáadáa, ìtumọ̀ rẹ̀ kò sì yí padà. “Ṣàngó, tí í ṣe Olúkòso” kò ṣẹ̀ sí gírámà, ṣùgbọ́n kì í ṣe ìkíni mọ́. Ó ti di ẹ̀kọ́ fún àwọn ọmọ ilé-ìwé. Bí “tí í ṣe” bá wọlé tí nǹkan kan kò sì sọnù, àlàyé ni. Bí ó bá wọlé tí ọ̀wọ̀ tàbí adùn bá jáde, oríkì ni. Mo pe èyí ní ìdánwò “tí í ṣe”, mo sì máa lò ó lórí àkọlé kọ̀ọ̀kan.

Kí n tó lò ó, ẹ jẹ́ kí n fi fíìmù méjì mìíràn ṣe àfiwé. Ní 2001, Túndé Kèlání gbé Thunderbolt: Magun jáde. Níbẹ̀, èdè Gẹ̀ẹ́sì ló wà lápá òsì, Yorùbá sì wà lápá ọ̀tún. Ọ̀rọ̀-ìṣe “gùn” àti “má” la fi ṣẹ̀dá mágùn, ẹni tó bá gbọ́ Yorùbá yóò sì gbọ́ ìkìlọ̀ tó wà nínú orúkọ náà. Àrá tó wà lápá òsì kò ṣàlàyé ìkìlọ̀ yẹn. Ilẹ̀kùn méjì ni àkọlé náà ṣí fún òǹwòran oríṣi méjì.

Àpẹẹrẹ kejì ni fíìmù tí Safi Faye ti Sẹ̀nẹ̀gà ṣe ní 1975. Orúkọ rẹ̀ ní Wolof ni Kaddu Beykat. “Kaddu” ni ọ̀rọ̀ tàbí ohùn. “Bey” ni kí á dáko, àfòmọ́ ẹ̀yìn “-kat” sì ń sọ ọ̀rọ̀-ìṣe di orúkọ olùṣe, gẹ́gẹ́ bí àfòmọ́ ìbẹ̀rẹ̀ “a-” tiwa ṣe ń sọ “pẹja” di “apẹja”. Ohùn àgbẹ̀ ni àkọlé náà túmọ̀ sí. Ní Faransé, wọ́n pè é ní Lettre paysanne, èyí ni pé lẹ́tà àgbẹ̀. Faransé náà kò parọ́, nítorí bí ẹni tó ń kọ lẹ́tà ni fíìmù náà ṣe ń sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n ohun tó wà lẹ́nu ti di ohun tó wà nínú ìwé. Ògbufọ̀ Yorùbá tó bá gba ọ̀nà Faransé yóò kọ “Lẹ́tà Àgbẹ̀”. Èyí tó bá gba ọ̀nà Wolof yóò kọ “Ohùn Àgbẹ̀”. Àgbẹ̀ tí kò mọ̀wé kọ ní ohùn.

4. Si-Guériki, Ìyá Ọba

Inú ẹgbẹ́ Wasangari, ìyẹn àwọn ìjòyè ajagun ẹlẹ́ṣin ilẹ̀ Borgou, ni ìdílé olùdarí ti wá. Nígbà tó padà dé, bàbá rẹ̀ ti kú. Fíìmù tí ì bá dá lórí bàbá wá yíjú sí ìyá. Láàrin àwọn Baatombu, ó wọ́pọ̀ kí á fi ọmọ fún ẹlòmíràn tọ́, nítorí náà bí ọmọ ṣe ń mọ ìyá tó bí i kì í ṣe ọ̀rọ̀ tó ṣe tààrà. Mo sọ èyí kí á lè rí i pé ọ̀rọ̀ “ìyá” nínú àkọlé yìí wúwo ju bó ṣe rí lójú lọ.

Ní Faransé, “reine-mère” ni ìyá tó bí ọba tó wà lórí oyè, opó ọba tó kọjá ló sì sábà máa ń jẹ́. Ìbí ló so ó mọ́ oyè. Ní Nikki, tí í ṣe orí ilẹ̀ Borgou lápá Bẹ̀nẹ̀, obìnrin tí wọ́n máa ń fi “reine-mère” túmọ̀ oyè rẹ̀ ni Gnon Kogui. Ọmọ ìdílé ọba ni. Òun ló ń fá orí àwọn ọmọ ọba nígbà ọdún Gaani, tí wọ́n á sì gba orúkọ tuntun. Kì í ṣe nítorí pé ó bí ọba ló ṣe wà nípò. Oyè ló jẹ.

Ẹni tó mọ ààfin Ọ̀yọ́ yóò ti rí ibi tí mò ń lọ. Samuel Johnson kọ ọ́ sínú ìwé ìtàn rẹ̀ tó jáde ní 1921 pé a kì í fẹ́ kí ìyá tó bí Aláàfin wà láàyè nígbà tí ọmọ rẹ̀ bá jọba, àti pé obìnrin mìíràn nínú ààfin ni wọ́n ń fi jẹ oyè Ìyá Ọba. Nínú èdè wa, “ìyá” lè jẹ́ orúkọ oyè láì ní ìbí nínú. Ìyá Ọjà kò bí ọjà. Ìyálóde kò bí ẹni kankan ní òde. Nítorí náà, ohun tó kù díẹ̀ káàtó nínú “reine-mère” pé nínú “Ìyá Ọba”. Ibi tí Faransé ti ní láti fi ọ̀rọ̀ ààfin tirẹ̀ bo ti ẹlòmíràn mọ́lẹ̀, Yorùbá ní oyè tó jọ ọ́.

Nígbà tí mo gbé àkọlé yìí fún kíláàsì, “Ayaba” ni àwọn kan kọ, nítorí ojú “reine” ni wọ́n tẹ̀ mọ́. Ìyàwó ọba ni ayaba, kò bá ọ̀rọ̀ yìí mu. Akẹ́kọ̀ọ́ kan tó jẹ́ Baatonu ló bi wọ́n pé, “Ṣé ẹ kò ní obìnrin tó ń jẹ oyè ìyá láàfin tiyín ni?” Ìbéèrè náà tó. Bí wọ́n bá ti bi í léèrè ṣáájú, wọn kò ní dé ọ̀dọ̀ ayaba rárá.

Ẹ jẹ́ kí á wá lo ìdánwò wa. “Si-Guériki, tí í ṣe Ìyá Ọba” jẹ́ àlàyé tó dára fún ará Paris tàbí ará Ìbàdàn. “Si-Guériki, Ìyá Ọba” jẹ́ ìkíni. Ọmọ tó padà wálé kì í ṣàlàyé ìyá rẹ̀ fún ìyá rẹ̀, ńṣe ló ń kí i. Àwọn méjèèjì wà nínú kọ́mà kan. Èmi yóò fi kọ́mà sílẹ̀ bó ṣe wà.

5. Arlit, Párì kejì

Arlit jẹ́ ìlú kan ní aṣálẹ̀ àríwá Niger. Yùréníọ̀mù ló sọ ọ́ di ìlú. Ilé-iṣẹ́ Somaïr bẹ̀rẹ̀ sí wà á jáde ní 1971, Cominak tẹ̀lé e ní 1978, ó sì tì ní 2021. Nígbà tí owó yùréníọ̀mù dára, àwọn ènìyàn wá láti ibi púpọ̀ ní Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà, títí kan Bẹ̀nẹ̀, láti ṣiṣẹ́ níbẹ̀. Ìgbà yẹn ni wọ́n ń pe ìlú náà ní Paris kejì. Nígbà tí Mora-Kpai yóò fi gbé kámẹ́rà lọ, owó ti wálẹ̀. Rògbòdìyàn àwọn ọdún 1990 ti lé ọ̀pọ̀ lọ. Àwọn tó kù ń sọ̀rọ̀ àìsàn àti ikú àwọn tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́, àwọn mìíràn sì kàn ń gba ibẹ̀ kọjá lọ sí Algeria ni.

Orúkọ Arlit kò jìnnà sí Parakou. Ojú irin tó wá láti Cotonou, tó gùn tó kìlómítà 438, parí síbí. Tẹ́lẹ̀ rí, ọkọ̀ akẹ́rù ló máa ń kó yùréníọ̀mù láti Arlit wá sí Parakou, kí ọkọ̀ ojú irin tó gbé e lọ sí èbúté. Fún ìlú yìí, apá òsì kọ́mà kì í ṣe orúkọ àjèjì. Apá ọ̀tún ló yẹ kí á bi léèrè.

“Deuxième” ni ọ̀rọ̀ tó wà níbẹ̀. Àwọn onígírámà Faransé kan a máa kọ́ni pé “second” ló yẹ bí ohun náà bá mọ sí méjì, pé “deuxième” ń jẹ́ kí á retí ẹ̀kẹta. Yorùbá kò ní ìyàtọ̀ yẹn, ṣùgbọ́n ó ní òmíràn. “Kejì” wa kì í ṣe ipò nìkan, ó tún jẹ́ ẹgbẹ́. Ẹnìkejì mi kì í ṣe ẹni tó wà lẹ́yìn mi, bí kò ṣe ẹni tí a jọ jẹ́ ènìyàn. Nítorí náà “Párì kejì” ga ju “deuxième Paris” lọ díẹ̀: ó sọ Arlit di ẹgbẹ́ Paris.

Ìdánwò “tí í ṣe” fún wa ní èsì tó yàtọ̀ níbí. Bí a bá kọ “Arlit, tí í ṣe Párì kejì”, irọ́ ni yóò dà bíi, tàbí ẹ̀fẹ̀. Kò lè jẹ́ àlàyé. Oríkì ni, èyí tí àwọn tó gbé ibẹ̀ fi ki ìlú wọn nígbà tí nǹkan ń ṣẹnuure. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ni pé oríkì náà ṣì wà lẹ́yìn tí ohun tó ń yìn ti lọ. Ọ̀kan nínú kíláàsì dábàá “Arlit, Párì Àná”, gẹ́gẹ́ bí a ṣe ń sọ pé “ọba àná”. Ó dùn létí, ó sì bá ìtàn náà mu. Ṣùgbọ́n èmi kò fara mọ́ ọn. Àkọlé kò sọ pé ó ti kọjá, fíìmù ló sọ bẹ́ẹ̀. Bí ògbufọ̀ bá fi “àná” sí i, ó ti já ọ̀rọ̀ gbà mọ́ àwọn òṣìṣẹ́ náà lẹ́nu kí wọ́n tó jókòó láti sọ ọ́.

6. Indochine, nípasẹ̀ ìyá kan

Indochine ni orúkọ tí àwọn Faransé fún ilẹ̀ Vietnam, Laos àti Cambodia nígbà tí wọ́n ń ṣàkóso wọn. Kò sí orílẹ̀-èdè tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ lónìí. Láàrin 1946 sí 1954, Faransé kó bíi 60,000 ọmọ ogun láti ilẹ̀ Áfíríkà lọ jagun níbẹ̀, àwọn ọmọ ilẹ̀ tó ń jẹ́ Dahomey nígbà náà sì wà lára wọn. Àwọn kan bímọ níbẹ̀. Wọ́n kó díẹ̀ nínú àwọn ọmọ náà wá sí Áfíríkà, ọ̀pọ̀ ìyá sì ṣẹ́kù sẹ́yìn. Fíìmù náà tẹ̀lé ọkùnrin kan tí ìyá rẹ̀ jẹ́ ará Vietnam, tó sì dàgbà ní Bẹ̀nẹ̀.

Ohun méjì ló ṣòro nínú apá ọ̀tún àkọlé yìí. Èkíní ni “sur les traces de”. Ọ̀rọ̀ tiwa tó kọ́kọ́ wá síni lọ́kàn ni ipasẹ̀, èyí tí a ṣẹ̀dá láti ara ipa àti ẹsẹ̀. Ṣùgbọ́n bí a bá fi “ní” ṣáájú rẹ̀, “nípasẹ̀” ti di ọ̀rọ̀ tó ń sọ ọ̀nà tí nǹkan gbà ṣẹlẹ̀, gẹ́gẹ́ bí a ṣe ń sọ pé “nípasẹ̀ rẹ̀ ni mo fi rí iṣẹ́”. Ọ̀rọ̀ pọ́n-na ni “nípasẹ̀ ìyá”: ó lè jẹ́ pé à ń tọ ibi tí ìyá fi ẹsẹ̀ tẹ̀, ó sì lè jẹ́ pé ìyá ni a gbà dé ibi kan. Bí a kò bá fẹ́ pọ́n-na, a lè lo ọ̀rọ̀-ìṣe, kí á kọ “Títọ Ipasẹ̀ Ìyá Kan”. Ìdajì kíláàsì fara mọ́ èyí, wọ́n ní kò ṣini lọ́nà. Èmi fara mọ́ “nípasẹ̀”, nítorí ọ̀nà ìyá ni Indochine, tó jẹ́ orúkọ ilẹ̀ òkèèrè, gbà di ọ̀rọ̀ ilé wa ní Bẹ̀nẹ̀.

Èkejì ni ọ̀rọ̀ kékeré “une”. Ní Yorùbá, ọ̀rọ̀-orúkọ lè dá dúró láì ní atọ́ka kankan. Bí ọmọ bá ń sọ̀rọ̀ ìyá rẹ̀, “ìyá mi” ni yóò sọ. Bí ó bá sọ pé “ìyá kan”, a ó rò pé obìnrin tí kò mọ̀ rí ló ń sọ. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fẹ́ yọ “kan” kúrò nítorí pé ó ń kọ etí. Mo ní kí wọ́n fi í sílẹ̀. Ẹni tó ń wá ìyá tí ogun gbà lọ́wọ́ rẹ̀ kò ní ọ̀nà mìíràn tó fi lè pè é ju “ìyá kan” lọ. Bó ṣe ń kọ etí yẹn gan-an ni ọ̀rọ̀ fíìmù náà.

7. Àkọlé tí kò ní kọ́mà

America Street kò ní apá ọ̀tún. Òpópónà gidi ni, ní ìlú Charleston, ní South Carolina, níbi tí ọ̀pọ̀ ọkọ̀ ti já àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú láti Áfíríkà sílẹ̀ nígbà àtijọ́. Bí a bá túmọ̀ rẹ̀ sí “Òpópónà Amẹ́ríkà”, ọ̀rọ̀-orúkọ ajórúkọ tó wà ní ìpò ẹ̀yán yóò mú ìtumọ̀ mẹ́ta wá: òpópónà tó wà ní Amẹ́ríkà, òpópónà tó ń jẹ́ Amẹ́ríkà, àti òpópónà tí Amẹ́ríkà ni. Ó dà bí ẹni pé gbogbo rẹ̀ bá fíìmù náà mu, nítorí àwọn aláwọ̀ dúdú tó ń gbé àdúgbò náà tí ilé ń wọ́n mọ́ lọ́wọ́ ni ọ̀rọ̀ wà lórí wọn. Síbẹ̀, orúkọ ojúlé ni. A kì í túmọ̀ ojúlé ẹni, kí lẹ́tà má baà ṣìnà.

Irú rẹ̀ mìíràn ni Dahomey tí Mati Diop gbé jáde ní 2024, èyí tó gba ẹ̀bùn àgbà ní Berlin ní ọdún yẹn. Fíìmù náà wà láàrin dọkumẹ́ńtárì àti àṣedánwò gbangba: ó tẹ̀lé àwọn ohun ọ̀nà 26 tí Faransé dá padà ní oṣù kọkànlá ọdún 2021, ṣùgbọ́n ère ọba Ghezo ń sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀, ní èdè Fọ̀n. Makenzy Orcel, òǹkọ̀wé ọmọ Haiti, ló kọ ọ̀rọ̀ ère náà. Orúkọ kan ṣoṣo ló wà nínú àkọlé yìí. Ìjọba ọba ló kọ́kọ́ jẹ́ ẹ, àwọn Faransé fi pe ilẹ̀ tí wọ́n gbà, orílẹ̀-èdè olómìnira náà sì ń jẹ́ ẹ títí di 1975 tó di Bẹ̀nẹ̀. Bí ẹnì kan bá fi kọ́mà àti àlàyé sí ẹ̀yìn rẹ̀, ọ̀kan nínú àwọn ìtàn mẹ́ta yẹn ni yóò yàn, yóò sì pa àwọn yòókù mọ́lẹ̀.

8. Ohun tí mo dábàá fún ògbufọ̀

Lórí ohun tí mo ti sọ, mo dábàá nǹkan mẹ́rin. (i) Kí á fi apá òsì sílẹ̀ bó ṣe wà, kí á sì kọ ọ́ bí àwọn tó ni ín ṣe ń kọ ọ́. (ii) Kí á bi elédè léèrè kí á tó bi Faransé: Baatonum ni kí á kọ́kọ́ bi nípa Si-Guériki, Wolof ni kí á bi nípa Kaddu Beykat. (iii) Kí á lo ìdánwò “tí í ṣe” kí á tó pinnu bóyá apá ọ̀tún ń ṣàlàyé ni tàbí ó ń kini. Bí ó bá ń ṣe méjèèjì, kí á fi kọ́mà sílẹ̀ kó dá iṣẹ́ rẹ̀ ṣe. (iv) Kí á má fi sínú àkọlé ohun tí fíìmù fẹ́ sọ fúnra rẹ̀.

Èyí ni àwọn ìtumọ̀ tí mo fara mọ́:

(7) Si-Guériki, Ìyá Ọba
(8) Arlit, Párì Kejì
(9) Indochine, Nípasẹ̀ Ìyá Kan
(10) America Street

Ìlànà yìí kò mọ sí àkọlé. Bí a bá wo fíìmù tí à ń ka ọ̀rọ̀ Faransé tí wọ́n kọ sí ìsàlẹ̀ àwòrán, ìlà kan náà, ìwọ̀n kan náà, àwọ̀ kan náà ni gbogbo èdè máa ń ní níbẹ̀. Ẹni tó ń sọ Baatonum àti ẹni tó ń sọ Dendi á bọ́ sínú ìlà kan. Akẹ́kọ̀ọ́ tó bá fẹ́ fi fíìmù ṣe ìwádìí èdè gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gbọ́ ọ kó tó kà á, kó sì kọ orúkọ èdè tí ẹnì kọ̀ọ̀kan sọ sílẹ̀.

9. Àgbálọgbábọ̀

Ọ̀rọ̀ láàrin Yorùbá àti ilẹ̀ Bàrìbá ti pẹ́ ju ilé-ẹ̀kọ́ Faransé lọ. Ilẹ̀ Bàrìbá ni Aláàfin Onígbogí sá lọ nígbà tí àwọn Tápà kógun ja Ọ̀yọ́. Àwọn ẹlẹ́ṣin Bàrìbá ló bá Aláàfin Olúewu jà lápá kan náà nínú ogun Ẹlẹ́dùwẹ̀. Nígbà gbogbo yẹn, àwọn ènìyàn wà láàrin wa tó gbọ́ èdè méjèèjì, tí wọ́n sì ń ṣe ògbufọ̀ láti ẹnu dé ẹnu. Ní 1898 ni Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì pín Borgou sí méjì, tí èdè ìwé kọ̀ọ̀kan fi bẹ̀rẹ̀ sí dúró láàrin àwọn tó ti ń bára wọn sọ̀rọ̀.

N kò ní kí á kọ Faransé sílẹ̀. Òun ni Mora-Kpai fi kọ apá ọ̀tún àwọn àkọlé rẹ̀, ó sì mọ ẹni tí òun ń kọ ọ́ fún. Ohun tí mò ń sọ ni pé apá ọ̀tún yẹn kì í ṣe tiwa láti tú bí ẹni pé àlejò ni wá. Ní Parakou, aládùúgbò tó ni apá òsì sábà máa ń jókòó sí àga kejì nínú kíláàsì kan náà. Kí á kọjú sí i, kí á bi í.